Ohun Tí Mo Buwọ́ Lù

Ọgbọ̀n ọjọ́ ni òfin fún èmi àti kápíténì tí mo fẹ́ gbapò lọ́wọ́ rẹ̀ láti fi ka gbogbo ẹrù ikọ̀ sójà Amẹ́ríkà tó ń darí. Kíkà yìí kì í ṣe ti orí ìwé. A ń ṣí kọ̀ǹtẹ́nà, a ń tú àpótí, a ń ka sípánà lọ́kọ̀ọ̀kan, a ń fi nọ́ńbà ara ìbọn wé nọ́ńbà inú ìwé. Jẹnẹrétọ̀, ọkọ̀ akẹ́rù, táǹkì omi, àgọ́, rédíò, awò òru tí sójà máa ń so mọ́ akoto. Nígbà tí a parí, mo jókòó sídìí tábìlì onírin kan nínú yàrá ẹrù, gírísì ṣì wà léèékánná mi, mo mú bírò, mo buwọ́ lù ú. Owó ohun tí mo gbà lọ́wọ́ rẹ̀ lọ́jọ́ yẹn lé ní ogún mílíọ̀nù dọ́là. Àwọn ènìyàn tí mo gbà pẹ̀lú rẹ̀ lé ní ọgọ́rùn-ún, kò sì sí fọ́ọ̀mù kankan tí a fi ń gba ìyẹn.

Ọdún 2018 ni. Mo jẹ́ ẹni ọdún méjìlélọ́gbọ̀n. Ọdún mẹ́sàn-án péré ṣáájú ìgbà náà, mò ń pààrọ̀ aṣọ bẹ́ẹ̀dì fún àwọn arúgbó lóru nílé ìtọ́jú kan ní Houston.

Àwọn ará ilé máa ń bi mí pé kí gan-an ni ọ́físà ń ṣe nínú iṣẹ́ ológun Amẹ́ríkà. Wọ́n rò pé ìbọn ni, tàbí kí èèyàn kàn máa dúró síwájú, kó máa pàṣẹ. Àṣẹ wà ńbẹ̀, mi ò ní purọ́. Ṣùgbọ́n ohun tí ọdún mẹ́ẹ̀ẹ́dógún fi hàn mí ni pé ọ́físà ni ẹni tí orúkọ rẹ̀ wà nísàlẹ̀ ìwé. Bí nǹkan bá sọnù, bí ọkọ̀ bá takìtì, bí ọmọ ọlọ́mọ bá fara pa, orúkọ yẹn ni wọ́n á kọ́kọ́ pè. Bóyá ìwọ lo ṣe é àbí ìwọ kọ́, ìyẹn á wá tẹ̀lé e.

Físà lọ́tìrì ló gbé mi dé Amẹ́ríkà, nígbà tí wọ́n ṣì ń gba ọmọ Nàìjíríà láyè láti kópa nínú rẹ̀. Mo ti kàwé gboyè nínú ìṣirò owó nílé, ṣùgbọ́n kò sẹ́ni tó bi mí léèrè ìwé ẹ̀rí yẹn ní Houston. Ní 2010 mo wọṣẹ́ sójà, wọ́n fi mí sídìí ẹrù. Ẹni tó ní gíríìn káàdì lè wọṣẹ́ sójà Amẹ́ríkà. Ipò ọ́físà ni kò lè dé, nítorí ọmọ orílẹ̀-èdè nìkan ni wọ́n ń fi síbẹ̀. Ọ̀sẹ̀ mẹ́wàá ni mo lò ní Fort Jackson, ní South Carolina, nínú iyanrìn àti ooru. Láti 2009 ni wọ́n ti bẹ̀rẹ̀ ètò kan níbẹ̀ tí àjèjì tó ń gba ìdánilẹ́kọ̀ọ́ fi lè di ọmọ Amẹ́ríkà kó tó jáde. Bẹ́ẹ̀ ni mo ṣe di ọmọ Amẹ́ríkà nínú aṣọ sójà, bàtà mi ń dán, àtẹ́lẹsẹ̀ mi bó.

Ọ̀nà mẹ́ta ni ọ̀pọ̀ ń gbà di ọ́físà nínú àwọn ọmọ ogun orí ilẹ̀. West Point, ilé ẹ̀kọ́ gíga àwọn ológun, wà, tí wọ́n dá sílẹ̀ ní 1802, ọdún mẹ́rin ni wọ́n ń lò níbẹ̀. ROTC, ìdánilẹ́kọ̀ọ́ ọ́físà fún àwọn akẹ́kọ̀ọ́, wà ní yunifásítì káàkiri, ọ̀dọ̀ wọn ni èyí tó pọ̀ jù ti ń wá. Ilé ẹ̀kọ́ ọ́físà ní Fort Benning, ní Georgia, ni ẹ̀kẹta, ọ̀sẹ̀ méjìlá fún ẹni tó ti ní digírì. Dókítà, lọ́yà àti àlùfáà ní ọ̀nà tiwọn. Ẹ̀kẹta ni mo gbà, ní 2013. Sájẹ́ńtì kan tó rí ìwé ẹ̀rí mi nínú fáìlì ló lé mi débẹ̀. Ó ní kí ni mo jókòó ti bátìrì tí mò ń kà nígbà tí mo ní digírì. Díẹ̀ ló kù kí ó bá mi kọ ọ̀rọ̀ inú fọ́ọ̀mù náà.

Ìbúra méjì ni mo ti ṣe nínú iṣẹ́ yìí, mi ò sì mọ̀ pé wọ́n yàtọ̀ títí di ọjọ́ tí mo ṣe èkejì. Èyí tí mo ṣe gẹ́gẹ́ bí sójà kékeré ní kí n dáàbò bo Ìwé Òfin ilẹ̀ Amẹ́ríkà, kí n sì gbọ́ràn sí ààrẹ àti àwọn ọ̀gá mi lẹ́nu. Èyí tí mo ṣe gẹ́gẹ́ bí ọ́físà kò dárúkọ ààrẹ rárá. Kò ní kí n gbọ́ràn sí ẹnikẹ́ni lẹ́nu. Ọ́físà náà ń tẹ̀lé àṣẹ tó bófin mu, òfin ológun ti là á kalẹ̀ níbòmíràn. Wọn ò kàn fi í sínú ìbúra ni. Ìwé Òfin nìkan ló wà ńbẹ̀, àti pé mo gba iṣẹ́ náà láìsí tipátipá, láìfi ohun kankan pamọ́ sínú.

Mo pe bàbá mi l'Ábẹ́òkúta lálẹ́ ọjọ́ náà. Tíṣà àgbà ni wọ́n, wọ́n ti fẹ̀yìn tì. Ojú wọn ti rí 1966, ó tún rí òpin ọdún 1983 nígbà tí ohùn sójà gba rédíò láàárọ̀. Wọn ò fẹ́ kí n wọṣẹ́ yìí rí.

Wọ́n ní, "Àbẹ̀kẹ́, ta lo búra fún?"

Mo ní, "Ìwé Òfin ni, bàbá."

"Kì í ṣe ààrẹ wọn?"

"Rárá, bàbá. Wọn ò dárúkọ rẹ̀."

Wọ́n dákẹ́ títí mo fi rò pé láìnì ti já. Lẹ́yìn náà wọ́n ní, "Kà á fún mi." Mo kà á. Wọ́n ní kí n tún un kà.

Àṣà kan wà pé sójà tó bá kọ́kọ́ bẹ́rí fún ọ́físà tuntun, ọ́físà náà á fún un ní owó fàdákà dọ́là kan. Sájẹ́ńtì tó lé mi lọ ilé ẹ̀kọ́ ló wá dúró níwájú mi. Ó fi ọdún mọ́kànlá jù mí lọ, òun ló kọ́ mi níṣẹ́. Ó gbé ọwọ́ rẹ̀ sókè, ó bẹ́rí, ó pè mí ní Máàmù. Orúnkún mi fẹ́ yẹ̀. Láti kékeré ni wọ́n ti kọ́ mi pé èmi ni mo gbọ́dọ̀ kúnlẹ̀. Mo bẹ́rí padà, mo fi dọ́là náà sí i lọ́wọ́, mo wá yà sí ẹ̀gbẹ́ ògiri kan, omijé bọ́ lójú mi.

Nǹkan yìí gan-an ló yọ mí lẹ́nu jù lọ́dún àkọ́kọ́, ju sísá eré àti gbígbé ẹrù lọ. Lẹ́yìn tí mo kúrò ní Fort Lee, ní Virginia, níbi tí wọ́n ti ń kọ́ àwọn ọ́físà tó ń bójú tó oúnjẹ, omi àti ẹrù ológun, wọ́n fún mi ní ọ̀wọ́ sójà bí ọgbọ̀n. Sájẹ́ńtì ọ̀wọ́ náà ti wà lẹ́nu iṣẹ́ nígbà tí mo ṣì wà ní pírámárì. Ọmọ Alabama ni, ohùn rẹ̀ rọ̀, ojú rẹ̀ kì í túra ká. Mi ò lè pàṣẹ fún un. Mo máa ń ní "ẹ jọ̀ọ́", mo máa ń ní "tí kò bá ni yín lára". Gẹ̀ẹ́sì ló ń jáde lẹ́nu mi, ṣùgbọ́n Yorùbá ló wà nínú mi. Lọ́sẹ̀ kẹta ó wọlé, ó ti ilẹ̀kùn.

"Máàmù, ẹ má bẹ̀ mí mọ́. Àwọn ọmọ yìí ń gbọ́ ọ, wọ́n sì rò pé ẹ ò mọ ohun tí ẹ fẹ́ ni. Ẹ sọ ohun tí ẹ fẹ́ àti ìdí tí ẹ fi fẹ́ ẹ. Bí a ó ṣe ṣe é, ẹ fi ìyẹn sílẹ̀ fún mi." Ó mí kanlẹ̀. "Bí ẹ bá sì fẹ́ ṣe àṣìṣe, ẹ jẹ́ kí n sọ fún yín kí ilẹ̀kùn yìí tó ṣí."

Mo gbé ọ̀rọ̀ yẹn délé, mo rò ó títí. Mo wá rí i pé a ní irú rẹ̀ lọ́dọ̀ tiwa. Bí wọ́n bá fi ọmọdé jọba, àwọn àgbà ìlú á dọ̀bálẹ̀ fún un, kò sẹ́ni tó máa ní ó rí àgbà fín. Adé ni wọ́n ń dọ̀bálẹ̀ fún. Ọba tó bá sì gbọ́n mọ̀ pé àwọn tó dọ̀bálẹ̀ yẹn ló mọ ibi tí ìlú ti ń jò. Láti ìgbà náà ni mi ò ti fòyà mọ́ bí ẹni tó jù mí lọ bá bẹ́rí fún mi. Mo máa ń bẹ́rí padà, tí ilẹ̀kùn bá ti wá tì, màá ní, "Sájẹ́ńtì, kí lẹ rí tí mi ò rí?"

Ní 2015 wọ́n rán wa lọ sí Kuwait, ibùdó Arifjan, oṣù mẹ́sàn-án. Iṣẹ́ wa kò ní ariwo: omi, oúnjẹ, epo, ẹ̀yà ara ọkọ̀. Ooru ibẹ̀ máa ń mú kí irin jó èèyàn lọ́wọ́. Ibẹ̀ ni mo ti mọ ìdí tí ọ́físà fi ń jẹun kẹ́yìn. Bí o bá dúró sẹ́yìn ìlà tí o ń wo bí àwọn ọmọ rẹ ṣe ń gba oúnjẹ, wàá rí ẹni tí ọwọ́ rẹ̀ ń gbọ̀n, wàá rí ẹni tí kò bá ẹnikẹ́ni sọ̀rọ̀, wàá rí ẹni tó gba búrẹ́dì nìkan. Ọmọbìnrin kan gba búrẹ́dì nìkan fún ọjọ́ mẹ́ta. Nígbà tí mo pè é, ó ní ọkọ òun ti kọ òun sílẹ̀ lórí fóònù.

Ibẹ̀ náà ni ikú bàbá mi ti bá mi. Bí ọ̀fọ̀ bá ṣẹ sójà Amẹ́ríkà tó wà lókè òkun, ẹbí rẹ̀ á pe Red Cross, àwọn ni wọ́n á wádìí rẹ̀ tí wọ́n á sì fi iṣẹ́ náà jẹ́ ọ̀gá rẹ̀. Ọkọ mi ló pè wọ́n. Aago mọ́kànlá alẹ́ ti kọjá nígbà tí kọ́nẹ́ẹ̀lì wa kan ilẹ̀kùn. Kò rán ẹnikẹ́ni. Ó jókòó sórí páálí omi, ó sọ fún mi pé bàbá mi ti lọ, ó sì jókòó síbẹ̀ láìsọ nǹkan mìíràn. Ìgbà tí mo fi máa nu ojú mi, ó ti kọ ìwé ìyọ̀ǹda mi fúnra rẹ̀, ó ti buwọ́ lù ú, mọ́tò ti ń dúró níta. Mo bá ìsìnkú. Mi ò rí ọ̀gá tó tún ṣe irú rẹ̀ fún mi mọ́, mo sì gbìyànjú láti jẹ́ irú ọ̀gá bẹ́ẹ̀ fún ẹlòmíràn. Nígbà mìíràn mo ṣe é. Nígbà mìíràn ó ti rẹ̀ mí jù.

Wàyí o, ọ̀rọ̀ awò òru.

Oṣù karùn-ún tí mo gba ikọ̀ mi, a lọ ṣe ìdánrawò nínú igbó páìnì. Aago mẹ́rin ìdájí, òjò ń ṣẹ́ wínníwínní, a ń ka ìbọn àti awò kí a tó kúrò níbẹ̀. Ó yẹ kí awò jẹ́ mọ́kànlélógójì. Ogójì la bá. A tún un kà. Ogójì. Ọmọkùnrin ẹni ọdún mọ́kàndínlógún kan ń fọwọ́ pa akoto rẹ̀, ó ń pa á lápaatúnpa bíi pé awò náà máa hù jáde níbẹ̀. Ó bọ́ akoto sílẹ̀ lóru nígbà tó lọ ṣe ìgbọ̀nsẹ̀. Okùn tó yẹ kó fi so awò mọ́ ọn, kò so ó.

Kò sí sójà tí kò mọ òfin nǹkan yìí. Bí irú ohun èlò bẹ́ẹ̀ bá sọnù, ojú ẹsẹ̀ lo gbọ́dọ̀ fi tó ọ̀gá rẹ létí. Ohun gbogbo á dúró. Ẹnikẹ́ni ò ní lọ sílé. Mo yíjú sí sájẹ́ńtì àgbà ikọ̀ mi, mo ní ká fi wákàtí kan wá a ná. Ó wò mí lójú.

"Máàmù, ẹ pè wọ́n báyìí."

Mo ní, "Wákàtí kan péré."

Kò jà. Iṣẹ́ tirẹ̀ ni láti sọ fún mi, ó sì ti sọ ọ́. A wá a pẹ̀lú tọ́ọ̀ṣì. Wákàtí kan di méjì. Aago mẹ́fà kọjá kí n tó gbé fóònù. Kọ́nẹ́ẹ̀lì tó wà lórí wa nígbà náà kò béèrè ibi tí a ti lò ó kẹ́yìn. Kò béèrè ta ló sọ ọ́ nù. Ó ní, "Aago mélòó lo mọ̀?"

Ọjọ́ méjì la fi wá awò yẹn. Ó lé ní ọgọ́rùn-ún ènìyàn, èjìká kan èjìká, lórí ìkúnlẹ̀, a ń fọwọ́ yẹ ewé páìnì. Ọmọ náà kò jẹun. Lálẹ́ ọjọ́ kìíní mo lọ jókòó tì í. Ó ní òun á san án, kódà bó bá gba ọdún mẹ́wàá. Mo sọ fún un pé orúkọ rẹ̀ kọ́ ló wà nísàlẹ̀ ìwé náà, orúkọ tèmi ni. Ó bú sẹ́kún. Lọ́sàn-án ọjọ́ kejì, ọmọbìnrin kan lára àwọn asè kígbe. Abẹ́ gbòǹgbò igi ló wà, ewé ti bò ó, kò ju ogójì ìṣísẹ̀ lọ sí ibi tí ọmọ náà ti bọ́ akoto. Àwọn kan jókòó sínú ẹrẹ̀ níbi tí wọ́n wà, wọn ò lè dìde.

Ká ní a ò rí i ni, wọ́n á yan ẹnìkan kí ó wádìí, ẹni tí àìbìkítà rẹ̀ bá fà á sì lè san tó owó oṣù kan. Owó oṣù kan, ó sábà máa ń mọ bẹ́ẹ̀. Ohun tí mò ń sá fún nìyẹn, mo sì fi ohun tó pọ̀ ju ìyẹn lọ dí i. Nígbà tí mo dé iwájú kọ́nẹ́ẹ̀lì, kò pariwo. Ó ní awò náà kò dun òun. Ó ní wákàtí méjì yẹn ló dun òun, nítorí láàárín wákàtí méjì yẹn òun ń sọ fún àwọn tó wà lórí òun pé gbogbo nǹkan pé.

Mo ti bi ara mi léèrè ìdí tí mo fi ṣe é. Òtítọ́ ibẹ̀ ni pé mo rò pé wọ́n ti ń retí rẹ̀. Obìnrin, aláwọ̀ dúdú, tí ohùn rẹ̀ kò jọ tiwọn: mo rò pé àṣìṣe mi á di ẹ̀rí lòdì sí gbogbo wa. Ìbẹ̀rù yẹn kì í ṣe àlá. Ó ní ìtàn. Ṣùgbọ́n òun gan-an ló ti mí sínú kòtò tí mò ń sá fún.

Ìgbà yẹn ni mo lọ ka ọ̀rọ̀ Henry Flipper dáadáa. Ẹrú ni wọ́n bí i sí ní Georgia ní 1856. Ní 1877 ó di aláwọ̀ dúdú àkọ́kọ́ tó parí West Point. Ní Fort Davis, ní Texas, òun ló ń bójú tó oúnjẹ àti ẹrù, iṣẹ́ tèmi gan-an. Ní 1881 ó rí i pé owó kò pé. Kò sọ. Ó fi í pamọ́ fún ọ̀gá rẹ̀, ó ń wá bí òun á ṣe dí i fúnra òun, nítorí ó mọ̀ pé àwọn kan ń ṣọ́ òun. Nígbà tí wọ́n gbẹ́jọ́ rẹ̀, wọ́n ní kò jalè. Ṣùgbọ́n wọ́n ní ìwà rẹ̀ kò yẹ ọ́físà, wọ́n sì lé e lẹ́nu iṣẹ́ ní 1882. Ó kú ní 1940 láìrí ẹ̀tọ́ rẹ̀ gbà. 1976 ni àwọn ológun tó gbà pé ìyà náà ti pọ̀ jù, 1999 ni Ààrẹ Clinton tó dárí jì í. Mo ka ìtàn yẹn lẹ́ẹ̀mẹta lóru ọjọ́ kan. Wọ́n rẹ́ ẹ jẹ, mo gbà bẹ́ẹ̀ pẹ̀lú gbogbo ọkàn mi. Síbẹ̀ mo ń wo ibi tó ti ṣe ohun tí mo ṣe, ó ń dùn mí bíi pé ẹ̀gbọ́n mi ni.

Ọdọọdún ni wọ́n ń kọ ìwé nípa ọ́físà. Ọ̀gá tó sún mọ́ ọ á kọ tirẹ̀, ọ̀gá tó wà lókè ìyẹn náà á kọ tirẹ̀. Ti ẹnì kejì yìí ló wúwo. Ipele mẹ́rin ló wà níwájú rẹ̀ tó máa yan ọ̀kan nínú wọn, kò sì gbọdọ̀ fi ìdajì àwọn tó ń kọ ìwé nípa wọn sí ipele tó ga jù. Nítorí náà, bí ẹni mẹ́fà bá dára, méjì péré ló lè wà lókè. Ní ọdún awò òru, ipele kejì ni wọ́n fi mí sí. Ọ̀rọ̀ tí wọ́n kọ síbẹ̀ dùn. Àwa tó wà nínú iṣẹ́ náà mọ bí a ṣe ń ka ọ̀rọ̀ dídùn.

Òfin wà pé ọ́físà gbọ́dọ̀ máa gòkè, bí bẹ́ẹ̀ kọ́ kó máa lọ. Láti lẹ́fútẹ́náǹtì dé kápíténì kò le, bí o kò bá ba ara rẹ jẹ́. Mẹ́jọ̀, ipò tó tẹ̀lé kápíténì, ni ẹnubodè. Ìgbìmọ̀ kan á jókòó, wọ́n á ka fáìlì rẹ níwọ̀n ìṣẹ́jú díẹ̀, wọ́n á fún ọ ní máàkì, wọn ò ní rí ọ lójú. Bí orúkọ rẹ kò bá jáde lẹ́ẹ̀mejì, ó fẹ́rẹ̀ẹ́ jẹ́ pé ó ti parí nìyẹn, àfi tí o bá ti lo ọdún méjìdínlógún. Nígbà náà ni wọ́n á jẹ́ kí o pé ogún ọdún tí owó ìfẹ̀yìntì ń bẹ̀rẹ̀. Wọn kì í sọ ìdí.

Orúkọ mi kò jáde ní 2023. Fort Lee ni mo wà, mò ń kọ́ àwọn lẹ́fútẹ́náǹtì tuntun. Ọdún yẹn kan náà ni wọ́n yí orúkọ ibùdó náà padà sí Fort Gregg-Adams. Adams ni obìnrin tó darí àwọn obìnrin aláwọ̀ dúdú 855 ní 1945 ní Birmingham, nílẹ̀ Gẹ̀ẹ́sì, tí wọ́n fi oṣù mẹ́ta pín lẹ́tà àwọn sójà tí wọ́n ti rò pé ó máa gba oṣù mẹ́fà. Gregg wọṣẹ́ ní 1946 gẹ́gẹ́ bí sójà kékeré, ó gba ilé ẹ̀kọ́ ọ́físà kọjá bíi tèmi, ó di aláwọ̀ dúdú àkọ́kọ́ tó gba ìràwọ̀ mẹ́ta nínú àwọn ọmọ ogun orí ilẹ̀, ní 1977. Mo wà láàárín èrò lọ́jọ́ tí wọ́n ṣe é, oṣù kẹrin. Ẹni ọdún mẹ́rìnléláàádọ́rùn-ún ni baba náà, ó jókòó síwájú. Ní ibùdó yẹn kan náà, nígbà tó jẹ́ lẹ́fútẹ́náǹtì ní 1950, wọn ò jẹ́ kó wọ ilé fàájì àwọn ọ́físà nítorí àwọ̀ rẹ̀. Ó kú ní 2024. Ní 2025 wọ́n dá orúkọ náà padà sí Fort Lee. Wọ́n ní Lee ti ìsinsìnyí kì í ṣe Robert E. Lee, ọ̀gágun tó jà fún àwọn ìpínlẹ̀ tó ń kó ẹrú, sójà aláwọ̀ dúdú kan tó gba àmì ẹ̀yẹ akọni ni. Ó dùn mí síbẹ̀. Mo ti rí ojú baba yẹn.

Kò sì jáde ní 2024. Ọkọ mi kò sọ̀rọ̀, ó kàn gba àwo lọ́wọ́ mi ó ń fọ̀ ọ́. Nọ́ọ̀sì ni, ó ti bá mi kó ẹrù lẹ́ẹ̀mẹfà, ó ti bẹ̀rẹ̀ láti ìsàlẹ̀ nílé ìwòsàn mẹ́rin. Ọmọbìnrin wa, ẹni ọdún mẹ́sàn-án, ti lọ ilé ìwé mẹ́rin. Ó béèrè bóyá a ò ní kó lọ mọ́ báyìí. Nígbà tí mo ní bóyá, ó ní kí a wá gbin igi kan.

Ní òpin ọ̀sẹ̀ yẹn mo wakọ̀ lọ sí itẹ́ òkú Arlington, mo wá sàréè Charles Young. Èmi ọmọ Abẹ́òkúta, tí mo ti gbé Èkó, mi ò mọ̀ títí mo fi di ọ́físà pé Èkó ni ọkùnrin náà kú sí. Òun ni aláwọ̀ dúdú kẹta tó parí West Point, ní 1889. Ní 1917, nígbà tó kù díẹ̀ kó di jẹ́nẹ́rà, ìwé dókítà ní ara rẹ̀ kò dá, wọ́n ní kó fẹ̀yìn tì. Ó gun ẹṣin láti Wilberforce, ní Ohio, dé Washington ní 1918, kí wọ́n lè fojú ara wọn rí i pé ara òun dá. Nǹkan bí ẹ̀ẹ́dẹ́gbẹ̀ta máìlì. Lẹ́yìn náà wọ́n rán an lọ sí Liberia, ibẹ̀ ló ti wá sí Nàìjíríà lẹ́nu iṣẹ́, ó sì kú l'Ékòó ní ọjọ́ kẹjọ oṣù kìíní 1922. Èkó ni wọ́n kọ́kọ́ sin ín sí kí wọ́n tó gbé e wá sí Arlington ní 1923. Ọgọ́rùn-ún ọdún lẹ́yìn ikú rẹ̀, ní 2022, ni wọ́n tó fún un ní ipò jẹ́nẹ́rà. Mo dúró níbẹ̀. Mo kí i ní Yorùbá, nítorí mo rò pé ó ti gbọ́ ọ rí.

Wọ́n fún mi ní owó ìdágbére: ìdá mẹ́wàá owó ọdún kan, ní ìlọ́po iye ọdún tí mo lò. Ẹni tó bá gbà á lódidi gbọ́dọ̀ buwọ́ lù ú pé òun á wà nínú àwọn ọmọ ogun ìpamọ́ fún ọdún mẹ́ta, ó kéré tán. Mo buwọ́ lù ú. Òpin ọ̀sẹ̀ kan lóṣù ni mò ń lọ báyìí.

Fóònù mi dún lọ́sẹ̀ tó kọjá, alẹ́ ti lẹ́. Ọmọ awò òru ni. Ó ti kúrò lẹ́nu iṣẹ́ sójà kékeré, wọ́n rán an lọ yunifásítì, ó gba ROTC di lẹ́fútẹ́náǹtì. Ó ní ọ̀la ni òun máa gba ẹrù ọ̀wọ́ òun àkọ́kọ́, ẹni tó ń lọ sì ti ní gbogbo rẹ̀ pé, kí òun kàn buwọ́ lù ú kí àwọn lè tètè máa lọ sílé.

Mo ní, "Ibo lo wà báyìí?"

"Inú kọ̀ǹtẹ́nà ni, Máàmù." Ọ̀rọ̀ rẹ̀ kò já gaara. Tọ́ọ̀ṣì ló wà lẹ́nu rẹ̀. Mo ń gbọ́ bí irin ṣe ń kan irin. "Ó ku sípánà méjì. Ẹ jọ̀ọ́, ẹ má tíì lọ. Mo fẹ́ tún un kà."

Mo jókòó sórí àtẹ̀gùn, mo ń gbọ́ bó ṣe ń kà á.